Àpáàdì

Orúkọ ọkùnrin náà kò gba ẹnu wa.
Tẹmisitokílíìsì, ni Tíṣà Ṣóyọmbọ̀ kọ sára bọ́ọ̀dù,
ṣọ́ọ̀kì ń ké bí ọmọ ẹyẹ.
Ọ̀sẹ̀ kan kò pé, a ti sọ ọ́ di Tèmi-Ló-Tọ́.
Tíṣà gbọ́, ó mi orí:
"Ẹ ò jìnnà sí i. Bẹ́ẹ̀ gan-an ló rí."

Ní kíláàsì wa n'Íkìjà, fèrèsé kọjú sí Olúmọ,
ewúrẹ́ ń sùn lórí òkúta,
ó sọ bí wọ́n ṣe wa fàdákà nílẹ̀ n'Áténì,
tí kálukú ti na ọwọ́ fún ìpín tirẹ̀,
tí Tèmi-Ló-Tọ́ ní kò sí ìpín kankan, ọkọ̀ ogun la ó kàn.
Òòṣà wọn ti wí pé odi igi ni yóò gbà wọ́n.
Àwa tí òkúta gba àwọn baba ńlá wa, a bú sẹ́rìn-ín.
Odi igi? Ikán ńkọ́?
"Ọkọ̀ ni igi náà," ni Tíṣà wí.
"Òun ló túmọ̀ rẹ̀ bẹ́ẹ̀ fún wọn."
Ọba Páṣíà kó ọkọ̀ wá bí eéṣú,
ojú òkun tóóró kan ló ti dà wọ́n rú.

"Kí ni wọ́n wá fi san án fún un?"
Láńgbọ́yè ló béèrè, mọ́nítọ̀ wa, ẹlẹ́sẹ̀ gígùn,
ẹni tó ní ká má fi owó ìdíje ra bisikíìtì,
ká fi ra páànù kí òjò tó dé.
Tíṣà kò dáhùn.
Ó ní lọ́la kí kálukú mú àpáàdì kan wá.

Ìyá àgbà bi mí: "Ilé ta lo ti fẹ́ lọ fọn iná?"
Mi ò lè ṣàlàyé.
Mo ṣẹ́ etí ìkòkò tó ti sán lẹ́yìn àdògán.

"Orúkọ ẹnìkan," ni Tíṣà wí,
"ẹni tí ẹ fẹ́ kó kúrò láàárín yín. Ẹ má sọ ìdí."
Èédú la fi kọ ọ́.
Àpáàdì mọ́kànlélógójì lórí tábìlì.
Mọ́kànlélọ́gbọ̀n ń jẹ́ Láńgbọ́yè.
Ọ̀kan ṣófo. Tirẹ̀ ni.

Kò jalè. Kò lu ẹnikẹ́ni.
Àmọ́ nígbàkígbà tí òjò bá rọ̀ tí kò pa wá
á gbójú sókè, á wo páànù,
lẹ́yìn náà, á wá wo wá.

Tíṣà ní eré ni, jókòó.
Ó ti gbé àpò rẹ̀, ó ti dé ẹnu ọ̀nà.
Kí sáà tó parí, baba rẹ̀ ti mú un lọ
sí ilé ìwé tó wà lódìkejì afárá Láfẹ́nwá.
Nígbà ìdíje ọdún kejì, tábìlì wọn ló jókòó sí,
ó ń dáhùn títí itọ́ fi gbẹ lẹ́nu wa.

Tèmi-Ló-Tọ́ náà, ọ̀dọ̀ Páṣíà tó ṣẹ́gun ló sá lọ.
Wọ́n fún un ní ìlú mẹ́ta:
ọ̀kan fún búrẹ́dì, ọ̀kan fún wáìnì, ọ̀kan fún ẹran.
Àwọn kan ní àìsàn ló pa á.
Àwọn kan ní májèlé ló mu, kó má baà gbógun lọ sílé.
Àwọn kan ní wọ́n jí egungun rẹ̀ gbé wálé, wọ́n sin ín láìpariwo.
Ọ̀dàlẹ̀ ni, ni ìwé kan wí.
Olùgbàlà ni, ni ìwé kejì wí.
Tíṣà pa méjèèjì dé. Aago lù.

Mo yà síbẹ̀ lóṣù tó kọjá. Tíṣà ti kú.
Páànù náà ṣì wà, ó ti pọ́n bí osùn,
àwọn ọmọ kan ń ka ìwé lábẹ́ rẹ̀.
Òjò dé lójijì.
Mo gbójú sókè.
Nígbà tí mo sọ ọ́ kalẹ̀,
kò sí ẹni tó ń wò mí.